Igún Inú Òwe àti Igún Ojú Sánmà: Ẹ̀sùn Kan sí Àwa Olùkọ́ Yorùbá

Àwọn àgbà ní: ‘A kì í pa igún, a kì í jẹ igún, a kì í fi igún bọ orí.’ Mo lérò pé kò sí olùkọ́ Yorùbá kan tí kò tíì kọ òwe yìí sí ojú pátákó rí, bẹ́ẹ̀ ni kò sí akẹ́kọ̀ọ́ tí ń múra ìdánwò sílẹ̀ tí kò lè pè é láìṣìṣe. Ní sáà ẹ̀kọ́ kan tí kò tíì pẹ́, èmi náà kọ ọ́ fún àwọn ọmọ kíláàsì àṣekágbá. Wọ́n túmọ̀ rẹ̀, ìtumọ̀ wọn sì yanjú. Wọ́n ní èèwọ̀ ni. Wọ́n ní a ń lò ó láti fi kìlọ̀ fún ẹni tí ó bá fẹ́ tẹ ohun tí àwùjọ bọ̀wọ̀ fún mọ́lẹ̀. Inú mi dùn. Àfi ìgbà tí mo bèèrè pé ta ni ó ti fi ojú ara rẹ̀ rí igún láàyè rí. Nínú kíláàsì tí ó kún bámúbámú, ọwọ́ méjì péré ni ó lọ sókè. Ọmọ kìíní rí i ní òkè Ọya, níbi tí bàbá rẹ̀ ti ṣiṣẹ́. Ọmọ kejì, nígbà tí mo bi í dáadáa, jẹ́wọ́ pé orí igún ni òun rí, ní ìsọ̀ àwọn lẹ́kùlẹ́jà, kì í ṣe ẹyẹ.

Láti ọjọ́ náà ni ọ̀rọ̀ yìí ti ń jẹ mí lọ́kàn. Òwe wà láàyè, ẹyẹ inú òwe ń kú lọ. Àwa tí a ń jẹ oúnjẹ lórí òwe náà kò wí nǹkan kan. Ẹ̀sùn tí mo fẹ́ fi kàn wá nínú àròkọ yìí ni pé àwa olùkọ́ Yorùbá wà lára àwọn tí ó jẹ́ kí igún di ẹyẹ tí kò níye lórí lójú àwọn ọmọ wa, àfi nígbà tí ó bá ti kú. Ara mi ni mo sì kọ́kọ́ fi ẹ̀sùn náà kàn.

Ẹ jẹ́ kí a bẹ̀rẹ̀ láti orí iṣẹ́ tí igún ń ṣe, nítorí pé a kò lè mọ iye tí òṣìṣẹ́ kan tó bí a kò bá mọ iṣẹ́ rẹ̀. Òkú ẹran ni oúnjẹ igún. Ibi tí màlúù bá kú sí, tí ajá bá kú sí, tí wọ́n bá da ìfun àti ẹ̀jẹ̀ sí lẹ́yìn ilé ìpẹran, ibẹ̀ ni igún ń balẹ̀ sí. Kí òkú tó wú, kí eṣinṣin tó yé ẹyin sí i, kí omi rẹ̀ tó ṣàn wọ odò, agbo igún ti fi egungun sílẹ̀. Omi inú ikùn igún kan tó bẹ́ẹ̀ tí ọ̀pọ̀ kòkòrò àrùn tí ó lè pa ènìyàn àti ẹran ọ̀sìn fi ń kú sínú rẹ̀. Orí pípá rẹ̀ tí a fi ń ṣe yẹ̀yẹ́ pàápàá, irinṣẹ́ ni: ẹyẹ tí ó ní láti ti orí bọ inú òkú ẹran lójoojúmọ́, bí ìyẹ́ bá bo orí rẹ̀, ẹ̀jẹ̀ àti ìdọ̀tí ni yóò máa gbé kiri. Wolé-wolé ni igún. Kò gba owó oṣù, kò da iṣẹ́ sílẹ̀, ìjọba kò sì ra ọkọ̀ fún un.

Nígbà tí òṣìṣẹ́ bá kú ni a ń mọ iye rẹ̀. Orílẹ̀-èdè Íńdíà ni ó kọ́kọ́ kọ́ ẹ̀kọ́ yìí, ó sì kọ́ ọ ní ọ̀wọ́n gógó. Igún pọ̀ ní Íńdíà nígbà kan bí adìyẹ ti pọ̀ ní ilẹ̀ wa. Láàárín ọdún 1990 sí 2000 ni wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí kú, tí ẹnikẹ́ni kò sì mọ ohun tí ń pa wọ́n. Ẹ̀yà igún mẹ́ta ni ó dínkù tó bẹ́ẹ̀ tí ó fi jẹ́ pé nínú 100, ó lé ní 95 tí ó lọ. Ní ọdún 2004 ni àwọn onímọ̀ fi hàn pé oògùn ìrora kan tí àwọn àgbẹ̀ ń fún màlúù, tí à ń pè ní diclofenac, ni ó ń pa wọ́n. Bí màlúù tí ó ti lo oògùn náà bá kú, tí igún sì jẹ ẹ́, kíndìnrín igún a bàjẹ́, ẹyẹ a sì kú láàárín ọjọ́ díẹ̀. Ní ọdún 2006 ni Íńdíà fi òfin de lílo oògùn náà fún ẹran ọ̀sìn, ṣùgbọ́n ẹ̀pa kò fẹ́rẹ̀ẹ́ bóró mọ́.

Kí ni ó ṣẹlẹ̀ lẹ́yìn tí igún lọ? Òkú màlúù ń jẹrà nílẹ̀ lẹ́yìn ìlú. Ajá ìgboro rí oúnjẹ, wọ́n sì bí sí i, àrùn dìgbòlugi sì ń bá ajá rìn. Omi odò gba ìdọ̀tí tí igún ti ń gbà á lọ́wọ́ rẹ̀. Ní ọdún 2024, àwọn onímọ̀ ètò ọrọ̀-ajé méjì, Eyal Frank àti Anant Sudarshan, tẹ ìwádìí wọn jáde. Wọ́n mú àwọn àgbègbè tí igún ti ń gbé tẹ́lẹ̀ ní Íńdíà, wọ́n fi wé àwọn àgbègbè tí kò bá igún lára mu láti ìbẹ̀rẹ̀, wọ́n sì yẹ iye òkú ènìyàn wò ní ọ̀nà méjèèjì, ṣáájú àti lẹ́yìn tí igún lọ. Wọ́n rí i pé láàárín ọdún 2000 sí 2005, nǹkan bí 500,000 ènìyàn ni ó kú tí wọn kì bá tí kú bí igún bá ṣì wà. Wọ́n ṣírò àdánù náà sí ohun tí ó lé ní bílíọ̀nù 69 dọ́là lọ́dọọdún. Ẹyẹ tí a ń pè ní ẹyẹ òfò ni mo ń sọ̀rọ̀ rẹ̀ yìí o.

Kí ẹnikẹ́ni má wí pé ọ̀nà Íńdíà jìn. Igún ti ilẹ̀ wa, èyí tí orí rẹ̀ pá tí ìyẹ́ rẹ̀ dúdú bí ẹrẹ̀, tí ó máa ń jókòó sórí òrùlé ilé ìpẹran, wà nínú ìwé àwọn ẹ̀dá tí ìparun wọn kù sí dẹ̀dẹ̀. Ní ọdún 2015 ni àjọ IUCN kọ ọ́ síbẹ̀. Ní ọdún kan náà ni ìwádìí kan lórí igún ilẹ̀ Áfíríkà jáde, tí ó fi hàn pé ẹ̀yà mẹ́jọ ti dínkù, bí a bá pín in dọ́gba, ní 62 nínú 100 láàárín nǹkan bí ọgbọ̀n ọdún. Àwọn tí ó ṣe ìwádìí náà wo ohun tí ń pa wọ́n. Májèlé ni ó gba 61 nínú 100. Wáyà iná mànàmáná gba 9. Òwò oògùn ìbílẹ̀ gba 29. Májèlé lè jẹ́ ẹ̀bi darandaran ti ọ̀nà jíjìn. Wáyà lè jẹ́ ẹ̀bi ìjọba. Mo bẹ̀ yín, 29 ìkẹyìn yẹn, ẹ̀bi ta ni?

Ní orílẹ̀-èdè Guinea-Bissau, láti ìparí ọdún 2019 sí ìbẹ̀rẹ̀ ọdún 2020, ó lé ní 2,000 igún tí májèlé pa. Nígbà tí wọ́n ń ṣa òkú wọn jọ, wọ́n bá ọ̀pọ̀ tí kò ní orí mọ́. Ẹni tí ó gé orí wọn lọ mọ ọjà tí ó ń gbé e lọ. Àwa náà mọ̀ ọ́n. Ní ilẹ̀ Yorùbá, òwò igún kò dá dúró nígbà tí igún tán lójú sánmà wa. Láti òkè Ọya àti láti àwọn orílẹ̀-èdè tí ó múlé tì wá ni wọ́n ti ń kó o wá fún wa báyìí. Àwúre ni wọ́n fi ń ṣe, ààbò ni wọ́n fi ń ṣe, owó kíákíá ni wọ́n fi ń wá.

Níhìn-ín ni ọ̀rẹ́ mi kan, olùkọ́ bíi tèmi, ti dá mi lẹ́nu kọ́. Ó ní ohun tí mo ń wí yìí jọ ọ̀rọ̀ àwọn tí ó kórìíra àṣà wa. Pé àwọn baba wa lo igún nínú oògùn, ayé kò sì bàjẹ́. Mo fẹ́ dá a lóhùn ní gbangba.

Èkíní, òótọ́ ni pé àwọn baba wa lò ó. Ṣùgbọ́n èèwọ̀ ló yí lílò náà ká bí ọgbà ti yí ilé ká. Kì í ṣe gbogbo ẹni tí ó bá ní owó lọ́wọ́ ló lè ra igún. Ẹni tí ó bá fẹ́ ẹ gbọ́dọ̀ lọ bá ẹni tí ó mọ̀, ẹni tí ó mọ̀ gbọ́dọ̀ rí ìdí pàtàkì, ìdí pàtàkì kì í sì í ṣẹlẹ̀ lójoojúmọ́. Lónìí, ọkọ̀ ń kó o, májèlé ń pa á lágboolé-lágboolé, ẹni tí kò mọ ewé kan ṣoṣo ń tà á. Ẹyin kan ṣoṣo ni igún tí mo ń sọ yìí ń yé lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo lọ́dún. Ó ń sàba lé e fún nǹkan bí àádọ́ta ọjọ́, ọmọ náà a sì tún lo oṣù mẹ́ta tàbí jù bẹ́ẹ̀ lọ nínú ìtẹ́ kí ó tó fò. Ẹ ṣe ìṣírò náà fúnra yín. Bí èrè ilé ìtajà kan bá jẹ́ kọ́bọ̀ kan lọ́dún, tí a sì ń ná náírà lójoojúmọ́, kí ni yóò kù níbẹ̀?

Èkejì, ẹ̀sìn ìbílẹ̀ gan-an ni ó yẹ kí ó kọ́kọ́ pariwo. Ìgbàgbọ́ àwọn baba wa ni pé bí igún bá balẹ̀ jẹ ẹbọ, ẹbọ náà ti dé ibi tí à ń rán an. Ààyè igún ni ìgbàgbọ́ yìí nílò, kì í ṣe orí rẹ̀ gbígbẹ. Àwọn Parsi ti ìlú Mumbai ní Íńdíà wà nínú irú wàhálà yìí. Orí ilé gíga kan ni ẹ̀sìn wọn ní kí wọ́n máa tẹ́ òkú wọn sí kí igún lè jẹ ẹ́, nítorí pé wọn kò fẹ́ fi òkú ba ilẹ̀ tàbí iná jẹ́. Nígbà tí igún tán, wọ́n ní láti gbé ẹ̀rọ tí ń kó ìtànṣán oòrùn jọ síbẹ̀ láti máa gbẹ òkú. Ẹ̀sìn wà, àlùfáà wà, òkú wà. Ẹyẹ tí ó mú ètò náà pé ni kò sí. Bí ẹnikẹ́ni bá ń pè mí ní ọ̀tá àṣà, kí ó sọ fún mi ẹni tí ń pa àṣà: èmi tí mo ní kí igún yè, tàbí ẹni tí ń ta orí rẹ̀.

Àwọn mìíràn tún wà tí àtakò wọn jẹ́ ti ọlọ́gbọ́n. Wọ́n ní kò tọ́ kí a máa fi owó díwọ̀n ohun tí Olódùmarè dá. Pé lọ́jọ́ tí a bá ti sọ pé igún tó iye báyìí, a ti sọ ọ́ di ọjà. Ọ̀rọ̀ yìí ní ìwúwo, n kò sì fẹ́ fi ọwọ́ yẹpẹrẹ mú un. Ṣùgbọ́n igún ti di ọjà ná. Ẹ lọ sí ìsọ̀ lẹ́kùlẹ́jà, orí rẹ̀ ní iye, ìyẹ́ rẹ̀ ní iye, ẹsẹ̀ rẹ̀ ní iye. Ààyè rẹ̀ nìkan ni kò ní iye. Nígbà tí òkú bá ń pa owó tí ààyè kò pa nǹkan kan, ta ni kò mọ èyí tí ọdẹ yóò yàn? Bí a kò bá fi iye kankan sí iṣẹ́ ọwọ́ igún, òdo ni a fi sí i. Òdo náà sì ni ìjọba ń kọ sínú ìwé ìṣúná rẹ̀ nígbà tí ó bá ń pín owó ìmọ́tótó, nígbà tí ó bá ń gé àràbà àti ìrókò tí igún ń tẹ́ ìtẹ́ sí, nígbà tí ó bá ń kọ́ ilé ìpẹran láìro ti ẹni tí ń palẹ̀ ibẹ̀ mọ́.

Nítorí náà, èmi fara mọ́ ìṣírò owó, ṣùgbọ́n bí ẹni fara mọ́ ọ̀pá ni, kì í ṣe bí ẹni fara mọ́ ọba. Ọ̀pá ni a fi ń dá ẹni tí kò gbọ́ èdè mìíràn dúró. Ẹni tí kò bẹ̀rù èèwọ̀ mọ́, tí kò sì gbọ́ òwe mọ́, ó lè gbọ́ bílíọ̀nù 69 dọ́là. Ṣùgbọ́n bí a bá fi ibẹ̀ mọ, a ti ṣìnà. Lọ́la, ẹnì kan lè mú ẹ̀rọ kan dé tí yóò máa sun òkú ẹran ní owó pọ́ọ́kú, kí ó sì wí pé igún kò wúlò mọ́. Èèwọ̀ kò gba irú ọ̀rọ̀ bẹ́ẹ̀. Èèwọ̀ ní kí a má pa á, ó tán. Àwọn tí ó dá èèwọ̀ náà sílẹ̀ kò ní ìwé ìṣirò, ṣùgbọ́n wọ́n mọ̀ pé ohun kan wà tí kò gbọdọ̀ dé orí ìsọ̀.

Wàyí o, mo padà sí ọ̀dọ̀ àwa olùkọ́. Ojú wo ni a fi ń fi igún han àwọn ọmọ? Nígbà tí a bá ń kọ́ wọn ní àfiwé tààrà, igún ni a fi ń ṣe àpẹẹrẹ orí pípá. Nígbà tí a bá ń kọ́ wọn ní àfiwé ẹlẹ́lọ̀ọ́, olè, ọ̀kánjúwà àti ajogún-jẹun ni a ń pè ní igún. Mo ti ṣe é. Ọdún mélòó kan ni mo fi ṣe é, tí mo sì ń fún ẹni tí ó bá bú ẹyẹ náà dáadáa ní máàkì. Lẹ́yìn èyí ni a óò wá gbàdúrà fún àwọn ọmọ kan náà lọ́jọ́ ìdágbére pé gúnnugún kì í kú léwe, nítorí náà wọn kò ní kú ní kékeré. Àmín ni wọ́n ń ṣe. Gúnnugún sì ń kú léwe ní gbogbo ibi tí àwọn ènìyàn ti ń ṣe àmín náà.

Olùkọ́ tí ń kọ́ni ní òwe láìbìkítà fún ohun tí òwe náà dúró lé lórí dà bí ẹni tí ń kun òrùlé ilé tí ikán ti jẹ òpó rẹ̀. Òwe kì í ṣe ọ̀rọ̀ lásán. Ojú ló kọ́kọ́ rí, kí ẹnu tó sọ. Ẹni tí ó kọ́kọ́ sọ pé ó ti pẹ́ tí òjò ti ń pa igún bọ̀, ó ti jókòó wo igún lábẹ́ òjò rí. Bí ojú àwọn ọmọ wa kò bá rí i mọ́, òwe náà yóò di ohun tí a há sórí fún ìdánwò, tí a sì gbàgbé ní ọ̀sẹ̀ kejì. A óò máa fi ẹnu ara wa sọ pé èdè Yorùbá ń kú, a óò máa dá gẹ̀ẹ́sì lẹ́bi, a kò sì ní mọ̀ pé láti inú sánmà ni ikú náà ti ń wọlé.

Kí ni kí a ṣe? N kò ní kí olùkọ́ Yorùbá di olùkọ́ báyọ́lọ́jì. Ohun tí mo ní kí a ṣe kò ju agbára wa lọ. Nígbà tí a bá ń kọ́ òwe tí ẹ̀dá kan wà nínú rẹ̀, kí a sọ iṣẹ́ tí ẹ̀dá náà ń ṣe, kí a sì sọ bóyá ó ṣì wà. Nígbà tí a bá rán àwọn ọmọ lọ gba ohùn àwọn àgbà sílẹ̀, kí wọ́n má ṣe gba oríkì àti ẹsẹ Ifá nìkan. Kí wọ́n bi bàbá tí ó mọ̀ pé ìgbà wo ni igún balẹ̀ jẹ ẹbọ kẹ́yìn ní ìlú yìí, kí wọ́n kọ ọdún náà sílẹ̀. Kí àwọn tí ń ṣètò ìdánwò máa fi àyọkà lórí irú ọ̀rọ̀ yìí dán òye àwọn akẹ́kọ̀ọ́ wò, nítorí ohun tí a bá bèèrè nínú ìdánwò nìkan ni ọ̀pọ̀ olùkọ́ ń kọ́.

Iṣẹ́ tún wà fún àwọn ẹlòmíràn, ọ̀nà rẹ̀ sì ti là. Àjọ Nigerian Conservation Foundation ti ń bá àwọn oníṣègùn ìbílẹ̀ sọ̀rọ̀ pé kí wọ́n máa fi ewé rọ́pò igún nínú oògùn. Ó yẹ kí àwọn ẹgbẹ́ oníṣègùn ní gbogbo ìlú wa gbé ọ̀rọ̀ náà karí. Orílẹ̀-èdè Nepal, tí òun náà fi òfin de diclofenac ní ọdún 2006, ní ibi tí àwọn ará abúlé ti ń gbé òkú màlúù tí kò ní oògùn nínú sílẹ̀ fún igún, àwọn àlejò sì ń wá wòran. Ní ilẹ̀ tiwa, òfin lórí òwò ẹranko tí ó ń lọ sí ìparun ti wà láti ọdún 1985. Òfin náà ń sùn. Ẹni tí yóò jí i kò jìnnà: àwọn ọmọ tí a ń kọ́ lónìí ni yóò di agbẹjọ́rò, wolé-wolé, káńsílọ̀ àti oníṣòwò lọ́la. Ohun tí a bá kọ́ wọn pé kò níye, kò sí òfin tí yóò mú kí wọ́n ṣọ́ ọ.

Mo mọ̀ pé èsì yóò wá sí ọ̀rọ̀ yìí, mo sì ń retí rẹ̀. Ẹ̀bẹ̀ kan ni mo bẹ ẹni tí yóò fèsì. Kí ó tó mú kálàmù, kí ó gbójú sókè wo sánmà ìlú rẹ̀ fún ọjọ́ méje gbáko, kí ó sì kọ iye igún tí ó rí sí ìsàlẹ̀ èsì rẹ̀.